Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti bá òṣèré ayé ìjọba Kọ́múníìsì pàdé, ẹ wá wí tiyín

Àbẹ̀kẹ́ Berlin: Ìyá kan ń gbé nísàlẹ̀ wa nígbà tí mo kọ́kọ́ dé Berlin, òṣèré ayé àtijọ́. Ó ní lọ́dún 1976, Wolf Biermann, olórin Ìlà-Oòrùn Jámánì tó máa ń ṣàríwísí ìjọba Kọ́múníìsì ibẹ̀, lọ kọrin ní Köln ní Ìwọ̀-Oòrùn Jámánì, ìjọba tilẹ̀kùn ìlú mọ́ ọn lẹ́yìn. Òṣèré kan, Manfred Krug, àtàwọn kan fọwọ́ síwèé pé kò dáa. Iṣẹ́ gbẹ mọ́ Krug lọ́wọ́. Nígbà tó fi máa di 1977, ó ti kó ẹrù ẹ̀ sọdá sí Ìwọ̀-Oòrùn Jámánì. Ìyá yìí ò fọwọ́ sí i ní tiẹ̀. Ìyẹn ló ń dùn ún.

Ọmọ Akin: Kí ló dé tí ò fọwọ́ sí i?

Àbẹ̀kẹ́ Berlin: Ọmọ mẹ́ta, ọ̀gbẹ́ni.

Baba Táíwò: Havana, ní Kúbà, ni tèmi. Bàbá onílé tí mo wọ̀ sí gbọ́ pé Yorùbá ni mí, ló bá bẹ̀rẹ̀ orin Ọ̀ṣun. Òṣèré ni. Ó sọ bí èrò ṣe ń ya lọ wo eré orí ìtàgé María Antonia lọ́dún 1967, tí Hilda Oates ṣe ọmọ Ọ̀ṣun. Àmọ́ lẹ́yìn àpérò ìjọba lórí ẹ̀kọ́ àti àṣà ní oṣù kẹrin 1971, ìjọba gbé òṣùwọ̀n kalẹ̀ fáwọn òṣèré: tó o bá ń ṣẹ̀sìn, tó o jẹ́ ọkùnrin tó ń fẹ́ ọkùnrin, tàbí tẹ́nu ẹ mú jù, o ò kún ojú ẹ̀. Wọ́n tẹ wáyà sí bàbá pé kò kún ojú òṣùwọ̀n. Inú agolo bísíkíìtì ló ti yọ ìwé wáyà náà fún mi, ó ti pọ́n bí ewé gbígbẹ, ìlà mẹ́ta péré. Ó di alágbàrù sìmẹ́ǹtì. Ó ní òun máa ń ka ọ̀rọ̀ eré sábẹ́ ahọ́n bóun ṣe ń rù ú.

Aláriwísí: Ẹ rọra o. Ṣebí ìjọba yẹn náà ló dá ẹgbẹ́ oníjó ìbílẹ̀ sílẹ̀ ní 1962, tí wọ́n ń jó Ṣàngó káàkiri?

Baba Táíwò: Ijó ni wọ́n fẹ́, àbúrò. Jẹ́ kó gùn ẹ́ lóòótọ́ ná.

Ìyá Ìbejì: 😂😂

Dèjì Ọ̀yọ́: Ẹ má di gbogbo ẹ̀ ru Kọ́múníìsì. Ta ló fòfin de Ògúǹdé torí Yorùbá Ronú ní 1964?

Aláriwísí: Agbègbè Ìwọ̀-Oòrùn nìkan lòfin yẹn dé. Ògúǹdé ní mọ́tò tiẹ̀, ẹgbẹ́ tiẹ̀. Àwọn tibẹ̀ yẹn, ìjọba ló ń sanwó oṣù fún wọn.

Dèjì Ọ̀yọ́: Ẹni tí ebi ń pa nílé rẹ̀ ò ní bi ọ́ léèrè agbègbè.

Ọmọ Akin: Ẹ fi Ògúǹdé sílẹ̀ jàre. Ṣé bàbá sìmẹ́ǹtì padà sórí ìtàgé?

Baba Táíwò: Ó padà lẹ́yìn 1976. Maigádì ni wọ́n ní kó kọ́kọ́ ṣe, kò sọ nǹkan kan látìbẹ̀rẹ̀ dópin eré.

Ìyá Ìbejì: Orin Ọ̀ṣun wo ló kọ? Ẹ kọ ọ́ síbí.

Baba Táíwò: Ohùn ti yí lórí ẹ̀. "Yèyé" nìkan ni mo dá mọ̀.