Báwo ni mo ṣe lè nu gbogbo save inú kátíríìjì Game Boy Advance kan?

Ẹ̀yin tí ẹ mọ̀ nípa kátíríìjì géèmù, ẹ jọ̀ọ́, ọgbọ́n ti tán lórí èyí. Ibi tí ẹni tó kọ́kọ́ ni ín gbá géèmù dé ṣì wà nínú rẹ̀, mo sì fẹ́ kó mọ́ pátápátá. Menu rẹ̀ kò ní ibi tí a ti ń pa nǹkan rẹ́. Tí mo bá bẹ̀rẹ̀ géèmù tuntun, àyè kan ṣoṣo ló ń kọ lé. Orúkọ àti máàkì tó ga jù ò kúrò lójú rẹ̀.

Mo di Up, Select àti B mú pọ̀ lójú àkọlé, bí a ṣe ń ṣe fún Pokémon. Pàbó. Mo di L àti R mú kí n tó tàn án, bákan náà ni. Mo tú u, kò sí bátìrì níbẹ̀. Ti Game Boy àtijọ́ rọrùn: SRAM (ìrántí tí bátìrì ń gbé ró) ló ń lò, tí a bá ti yọ bátìrì, save lọ nìyẹn. Tèmi yìí, EEPROM (ṣíìpù ìrántí) 8 KB ni, kò nílò iná kó tó rántí nǹkan.

Mo ti fi GBxCart RW (ẹ̀rọ tó ń ka kátíríìjì) àti FlashGBX (ètò orí kọ̀ǹpútà tó ń bá a ṣiṣẹ́) ka save náà sórí kọ̀ǹpútà, ẹ̀dà rẹ̀ sì wà nípamọ́. Ó ku kí n kọ fáìlì òfìfo padà sí i. Àwọn géèmù kan máa ń wá àmì níbẹ̀rẹ̀ save, ìdí nìyẹn tí mo fi ń ṣọ́ra.

Ṣé FF (iye tó ga jù tí báìtì kan lè gbà) ni kí n fi kún inú báìtì 8,192 náà, àbí 00 (òdo), kí géèmù lè ṣètò save tuntun fúnra rẹ̀ láì há?