Wọ́n lé mi níṣẹ́ páàtì-táìmù láìgbọ́ tẹnu mi

Olùkọ́ Ìrọ̀lẹ́: Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin àgbà. Inú mi bàjẹ́ gan-an. Ilé ìwé gíga ìjọba ìpínlẹ̀ kan ni mo ti ń kọ́ àwọn tó ń wá kàwé nírọ̀lẹ́. Ọ̀gá ẹ̀ka wa ò fẹ́ràn mi látìgbà tó ti dé. Iṣẹ́ èèyàn méjì, èmi nìkan ló ń dì í rù. Tábìlì mi, ó gbé e fẹ́lòmíì. Báyìí wọ́n ti fi ìwé lé mi lọ́wọ́ pé kí n má padà wá mọ́. Wọn ò gbọ́ tẹnu mi. Akọ̀wé kan tún ń fi mí ṣẹ̀fẹ̀ pé àwa páàtì-táìmù ò lẹ́tọ̀ọ́ kankan. Ṣé òótọ́ ni?

Akọ̀wé Fàìlì: Ẹ pẹ̀lẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ̀dùn ọkàn lẹ kọ, ẹ ò kọ ohun tá a máa fi dá yín lóhùn. Kí ló wà nínú ìwé ìgbanisíṣẹ́ yín? Ṣé ó ní ọjọ́ tó máa parí? Ṣé ó sọ pé òfin òṣìṣẹ́ ilé ìwé náà ló máa de iṣẹ́ yín? Ìwé tuntun yìí ńkọ́, ṣé wọ́n kàn fòpin sí iṣẹ́ ni, àbí wọ́n lé yín nítorí ẹ̀ṣẹ̀? Ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni méjèèjì. Ẹni tí wọ́n kàn fòpin sí iṣẹ́ ẹ̀ máa ń gba nótíìsì, ìyẹn ìkìlọ̀ ṣáájú, tàbí owó nótíìsì, ìyẹn owó tí wọ́n ń san dípò ìkìlọ̀ náà. Ẹni tí wọ́n lé nítorí ẹ̀ṣẹ̀ lè pàdánù gbogbo ẹ̀, òun sì ni wọ́n gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ gbọ́ tẹnu ẹ̀.

Lọ́yà Ìdí Igi: Kì í ṣe páàtì-táìmù ni kóòtù máa ń wò. Ṣé òfin tó dá ilé ìwé sílẹ̀ ló dáàbò bo iṣẹ́ náà, àbí kọ́ńtíráàtì lásán ni? Èyí tí òfin dáàbò bò, kóòtù lè dá èèyàn padà sẹ́nu iṣẹ́, bí Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ṣe ṣe nínú ẹjọ́ Shitta-Bey ní 1981 àti ti Olaniyan pẹ̀lú Yunifásítì Èkó ní 1985. Kọ́ńtíráàtì lásán, owó àkókò nótíìsì ló sábà máa ń parí sí. Ibẹ̀ sì ni ọ̀pọ̀ páàtì-táìmù wà.

Ẹ̀gbọ́n Yúníọ̀nù: Lọ́yà, ẹ má dẹ́rù ba ọmọ ọlọ́mọ. Abala 36 nínú òfin ìpilẹ̀ṣẹ̀ 1999, tó ní kí wọ́n gbọ́ tẹnu èèyàn, ò yọ páàtì-táìmù sílẹ̀. Kí wọ́n kọ ẹ̀sùn fún un, kí wọ́n fún un láyè tó tó láti fèsì, kó rí ẹ̀rí tí wọ́n kó jọ, kí ẹni tó fẹ̀sùn kàn án má sì jókòó bí adájọ́. Agbẹ́jọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà.

Lọ́yà Ìdí Igi: Mi ò ní kò lẹ́tọ̀ọ́. Ohun tó máa gbà lọ́wọ́ kóòtù ni mò ń sọ.

Olùkọ́ Ìrọ̀lẹ́: Wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé wọ́n lé mi torí pé mo gbowó lọ́wọ́ akẹ́kọ̀ọ́. Irọ́ pátápátá! Ọ̀gá ẹ̀ka ló fẹjọ́ mi sùn, òun náà ni alága ìgbìmọ̀ tó dá ẹjọ́ náà.

Ìyá Ìbejì: Ṣé wọn ò fún yín ní kúérì, ìyẹn ìwé tí wọ́n fi ń ní kí òṣìṣẹ́ wá wí tẹnu ẹ̀, ni?

Olùkọ́ Ìrọ̀lẹ́: Wọ́n fún mi. Wọ́n ní kí n fèsì láàárín wákàtí 48. Mi ò dáhùn, torí ẹni tó kọ ọ́ kórìíra mi.

Akọ̀wé Fàìlì: Háà! Èyí ló yẹ kẹ́ ẹ kọ́kọ́ sọ. Ẹni tí wọ́n fún láyè tí kò lò ó, kò lè dé kóòtù kó ní wọn ò gbọ́ tẹnu òun.

Ìyá Ìbejì: Ẹ tún wá ń sunkún síbí! Bí ìkà bá kọ kúérì, ẹ̀ẹ́ fèsì, ẹ̀ẹ́ mú ẹ̀dà pa mọ́.

Ẹ̀gbọ́n Yúníọ̀nù: Ẹ rọra bá a wí. Àbúrò, kí ni wọ́n kọ sínú kúérì yẹn gan-an?

Olùkọ́ Ìrọ̀lẹ́: Pé mo ń pẹ́ dé. Kò sí ọ̀rọ̀ owó níbẹ̀ rárá.

Lọ́yà Ìdí Igi: Ọ̀rọ̀ ti yí padà nìyẹn! Kúérì lórí pípẹ́ dé ò lè gbé ìdájọ́ lórí owó. Ẹ̀sùn owó, wọn ò tíì bi yín rí. Agbanisíṣẹ́ tó bá sì kọ ìdí sínú ìwé, òun ló máa fẹ̀rí gbè é. Ẹ kọ̀wé kò-tẹ́-mi-lọ́rùn sí ìgbìmọ̀ aláṣẹ ilé ìwé, kó gba ọwọ́ rẹ́jísítírà, ìyẹn akọ̀wé àgbà ilé ìwé. Ẹ kọ ọjọ́ kúérì àti ọjọ́ ìwé ìléníṣẹ́, kẹ́ ẹ fi ẹ̀dà méjèèjì àti ìwé ìgbanisíṣẹ́ mọ́ ọn. Ẹ bèèrè àbájáde ìgbìmọ̀ àti orúkọ àwọn tó jókòó. Kí wọ́n fi òǹtẹ̀ àti ọjọ́ sí ẹ̀dà tiyín kẹ́ ẹ tó kúrò níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ tábìlì ò gbọdọ̀ wọ inú ìwé yẹn.

Ẹ̀gbọ́n Yúníọ̀nù: Kó sì yára o. Oṣù mẹ́ta péré lòfin fúnni láti pe iléeṣẹ́ ìjọba lẹ́jọ́.

Lọ́yà Ìdí Igi: Ní 2019, Ilé Ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ti ní oṣù mẹ́ta yẹn ò kan kọ́ńtíráàtì iṣẹ́. Ṣùgbọ́n lọ́yà wọn ṣì máa gbé e dìde, nítorí náà ẹ má jẹ́ kó kọjá. Kóòtù tó ń gbọ́ ẹjọ́ òṣìṣẹ́, ìyẹn National Industrial Court, ló ni ín, kì í ṣe ilé ẹjọ́ gíga ìpínlẹ̀.

Olùkọ́ Ìrọ̀lẹ́: Ẹ ṣeun, sà. Wọ́n ti sanwó kan sí àkáǹtì mi lánàá. Wọ́n kọ "owó nótíìsì" sí i. Mo ti ná díẹ̀ níbẹ̀.

Lọ́yà Ìdí Igi: Ẹ dáwọ́ dúró! Kóòtù ti sọ fún òṣìṣẹ́ rí pé níwọ̀n bó ti gbowó, ó ti gbà pé iṣẹ́ ti parí nìyẹn. Lónìí yìí, ẹ kọ̀wé sí rẹ́jísítírà pé ẹ ò béèrè owó náà, ẹ ò sì gbà á bí òpin ọ̀rọ̀. Ẹ tẹ ẹ̀rí ìsanwó yẹn jáde pẹ̀lú. Ẹni tí wọ́n lé nítorí ẹ̀ṣẹ̀ kì í gbowó nótíìsì, àfi bí àwọn fúnra wọn ò bá mọ èwo ni wọ́n ṣe.