Wọ́n ní ẹ̀rọ mú àbúrò mi pé ó purọ́. Ẹ gbà mí nímọ̀ràn

Ìyá Káfáyá (Gáà-Àkánbí): Àsàláàmù aláékùm, ẹ̀yin ará mi. Oorun ò kùn mí láti ìjẹta. Àbúrò mi tó wà ní Amẹ́ríkà wá iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ níbẹ̀. Ó ṣe ìdánwò, ó yege. Dókítà yẹ̀ ẹ́ wò, kò sí nǹkan kan. Màmá wa ti pe àwọn alfa sílé, a ti pa àgbò, àwọn àna rẹ̀ ní Òkè-Òdè tí wọn kì í kí wa tẹ́lẹ̀ ti ń pè wá ní "àwọn èèyàn wa". Àfi bí wọ́n ṣe gbé e sórí àga, wọ́n de nǹkan bíi bẹ́líìtì méjì mọ́ ọn láyà, wọ́n fi èyí tí dókítà fi ń wọn ìfúnpá sí i lápá, wọ́n tún fi wáyà kọ́ ọ níka. Wọ́n ní ó purọ́, iṣẹ́ bọ́. Ọmọ tí kò yọ ẹran nínú ìkòkò rí! Ìyàwó ẹ̀gbọ́n wa sì ti ń rò ó kiri Ọjà-Ọba. Ṣé ẹ̀rọ lè mọ inú ọmọ èèyàn ni?

Bàbá Ìbejì: Ẹ pẹ̀lẹ́. Iṣẹ́ wo ni? Kí ni wọ́n bi í tí wọ́n ní ó purọ́ lé lórí?

Àbẹ̀kẹ́ Aláṣọ: Ayé ni o. Lọ́dún tí mo wá iṣẹ́ tíṣà, orúkọ mi jáde lálẹ́, kílẹ̀ tó mọ́ wọ́n ti fi ọmọ ẹnì kan rọ́pò mi. Wọ́n mú mi lọ bá alfa kan ní Pàkátà, ó fún mi ní hàǹtú, n kò tíì mu ún tán tí mo fi ríṣẹ́ mìíràn. Òótọ́ ni pé wọn kì í san owó oṣù déédéé níbẹ̀, ṣùgbọ́n iṣẹ́ niṣẹ́ ń jẹ́.

Ọmọ Ọ̀fà ní Maryland: Ìyá Káfáyá, polygraph lẹ ń sọ yẹn, kò mọ irọ́. Ìfúnpá, bí ọkàn ṣe ń lù, bí èèyàn ṣe ń mí àti òógùn ìka ló ń wọ̀n. Òpùrọ́ lè làágùn, ẹni tẹ́rù ń bà náà á làágùn. National Academy of Sciences, ẹgbẹ́ àwọn àgbà onímọ̀ sáyẹ́ǹsì Amẹ́ríkà, yẹ̀ ẹ́ wò fínnífínní ní 2003, wọ́n ní kò péye tó ohun tí ìjọba lè gbára lé láti fi ṣa òṣìṣẹ́. Òfin 1988 ti ká ọ̀pọ̀ iléeṣẹ́ aládàáni lọ́wọ́ kò lórí ẹ̀, àmọ́ ìjọba yọ ara tiẹ̀ sílẹ̀.

Alhaji Tankẹ́: Ẹni tí kò ṣe nǹkan kan, kí ló fẹ́ mú un gbọ̀n? Òyìnbó ò ní máa náwó sí nǹkan tí kò ṣiṣẹ́.

Ọmọ Ọ̀fà ní Maryland: Ẹ má bínú sí mi, Alhaji. Òṣìṣẹ́ CIA, àjọ amí Amẹ́ríkà, ni Aldrich Ames, àmọ́ ó ń ta àṣírí wọn fún Rọ́ṣíà. Wọ́n gbé e sórí ẹ̀rọ yìí ní 1986 àti 1991, ó yege lẹ́ẹ̀mejèèjì. 1994 lọ́wọ́ tó tẹ̀ ẹ́.

Alhaji Tankẹ́: Amí nìyẹn. Amí mọ̀ ọ́n ṣe.

Ọmọ Ọ̀fà ní Maryland: Ta wá ni wọ́n ń fi ẹ̀rọ wá, Alhaji? Èmi àti ẹ̀yin?

Ìyá Káfáyá: Ọmọ Ọ̀fà, Ọlọ́run á bùkún fún ẹ, mo ti ka tìrẹ sétí màmá. Alhaji, ẹ rọra, ọmọ ń bẹ nílé tiyín náà. A tiẹ̀ ti rí ọkùnrin kan tó ní òun á kọ́ àbúrò mi bí wọ́n ṣe ń borí ẹ̀rọ náà kó tó tún wá iṣẹ́ mìíràn. Mo ti kó àjọ mi.

Bàbá Ìbejì: Ẹ ò tíì dá mi lóhùn o.

Ọmọ Ọ̀fà ní Maryland: Áà! Ẹ dá owó yẹn dúró. Ní 2015, wọ́n ju ọkùnrin kan ní Oklahoma sẹ́wọ̀n ọdún méjì nítorí irú ẹ̀kọ́ yìí gan-an, torí pé àwọn tó kọ́ sọ fún un pé àwọn fẹ́ fi nǹkan pamọ́ fún ìjọba.

Ìyá Káfáyá: Kò ní nǹkan tó ń fi pamọ́! Igbó ni wọ́n bi í. Ó ti kọ sínú fọ́ọ̀mù pé òun ò mu ún rí. Kí wọ́n tó so wáyà kankan mọ́ ọn, ẹni tó ń bi í léèrè ní kó tètè sọ gbogbo ẹ̀, pé ẹ̀rọ máa tú u síta bópẹ́ bóyá. Ó bá sọ pé òun fà á nígbà tóun wà ní yunifásítì. Ẹni tó fẹnu ara ẹ̀ sọ òótọ́, òun náà ni wọ́n ń pè ní òpùrọ́?

Bàbá Ìbejì: Ìyá Káfáyá. Wọn ò tíì so wáyà rárá nígbà yẹn.

Alhaji Tankẹ́: Ẹ wò ó, mo ti wí tèmi.

Ọmọ Ọ̀fà ní Maryland: Ẹ ò wí nǹkan kan, Alhaji, ẹ ní ẹ̀rọ ló mú un. Bí wọ́n ṣe máa ń ṣe é nìyẹn: wọ́n á kọ́kọ́ mú kéèyàn gbà pé ẹ̀rọ mọ ohun gbogbo, òun fúnra ẹ̀ á sì jẹ́wọ́. Kó wo ìwé tí wọ́n fi já a sílẹ̀, bóyá ẹ̀rọ ni wọ́n kọ síbẹ̀ àbí fọ́ọ̀mù. Privacy Act ti 1974 fàyè gbà á láti béèrè àkọsílẹ̀ nípa ara ẹ̀, tó bá ti jẹ́ ọmọ ìlú. Kó wá lọ́yà tó mọ̀ nípa iṣẹ́ ìjọba. Tó bá tún máa kọ fọ́ọ̀mù mìíràn, kó kọ ti igbó yẹn sí i.

Àbẹ̀kẹ́ Aláṣọ: Kò sẹ́ni tó fèsì sí ọ̀rọ̀ alfa tí mo sọ.

Ìyá Káfáyá: Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi Ọlọ́run ṣe é, ọ̀rọ̀ igbó yìí ò gbọdọ̀ dé Òkè-Òdè. Owó yẹn ńkọ́, mo ti fi ìdajì ránṣẹ́ láàárọ̀ yìí. Ẹni tó bá mọ ọ̀nà tí mo lè fi gbà á padà, kó kọ̀wé sí mi níkọ̀kọ̀.