Ṣé dandan ni kí ìyàwó fún àwọn tó wá sí bachelorette rẹ̀ ní ẹ̀bùn?

Ìyàwó_Ọ̀la

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin èèyàn mi. Ọ̀rọ̀ kan ló ń jẹ mí lọ́kàn, ẹ bá mi dá sí i. Ìgbéyàwó mi ti kù sí dẹ̀dẹ̀, àwọn ọ̀rẹ́ mi sì ti ń ṣètò bachelorette fún mi, ìyẹn àríyá tí ìyàwó àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ obìnrin máa ń ṣe kí ọjọ́ ìgbéyàwó tó pé. Ilé kan la máa háyà fún òpin ọ̀sẹ̀, àwa mẹ́sàn-án. Olórí ọ̀rẹ́ ìyàwó ló ń darí gbogbo ẹ̀, kò sì gbà kí n mú owó kankan sílẹ̀. Kálukú ló ń wá owó ọkọ̀ tirẹ̀, wọ́n sì ti pín owó yàrá tèmi láàárín ara wọn.

Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin wá ní àbùkù ni kí wọ́n wá ṣe gbogbo ìyẹn kí wọ́n sì lọ lọ́wọ́ òfo. Àwòrán ló ń fi ránṣẹ́ sí mi láti àárọ̀: ife tí wọ́n kọ orúkọ mi sí, aṣọ ìwọ̀sùn tó ń dán, báàgì olókùn. Olórí ọ̀rẹ́ ìyàwó ní tiẹ̀ ní kí n fi owó mi pamọ́, pé ọjọ́ ìgbéyàwó fúnra ẹ̀ ń bọ̀ wá jẹ ẹ́. Ohun tó tún lọ́ ọ̀rọ̀ náà pọ̀ ni pé mẹ́rin nínú wọn ni ọ̀rẹ́ ìyàwó, mo sì ti ra ẹ̀bùn tiwọn sílẹ̀ de ọjọ́ ìgbéyàwó. Àwọn mẹ́rin tó kù, mẹ́ta jẹ́ ọ̀rẹ́ ibi iṣẹ́, ìkẹrin ni ìyàwó ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin. Ṣé kí n fún gbogbo wọn ni, àbí àwọn tí kò sí nínú ọ̀rẹ́ ìyàwó nìkan? Àbí kí n kàn dúpẹ́ kí n dákẹ́?

Má_Fi_Ṣeré

Dúpẹ́ kí o dákẹ́. Ìwọ ni wọ́n ń ṣe lálejò, ìwọ kọ́ lo gbà wọ́n lálejò. Ó tán.

Ìyá_Ètò

Àbúrò mi, kò sí dandan níbẹ̀. Mo tètè sọ ìyẹn kí ọkàn rẹ lè balẹ̀. Síbẹ̀, nǹkan kékeré dáa, màá sì sọ ìdí rẹ̀. Iṣẹ́ mi ni kí n máa bá àwọn èèyàn ṣètò irú àpèjẹ báyìí, mo sì mọ ohun tí ojú ẹ̀bùn máa ń rí lẹ́yìn tí fọ́tò bá parí.

Ojú bridal shower ni ẹ̀gbọ́n rẹ fi ń wò ó. Níbi shower, àwọn àlejò ló ń gbé ẹ̀bùn wá fún ìyàwó, ó sì bójú mu kí àwọn náà mú nǹkan díẹ̀ lọ sílé. Bachelorette kò rí bẹ́ẹ̀. Owó ọkọ̀ tí wọ́n san, àyè tí wọ́n tọrọ níbi iṣẹ́, yàrá rẹ tí wọ́n dáwó lé, ẹ̀bùn ni gbogbo ẹ̀. O ò lè san án padà, má sì dán an wò. Bí o bá ní kí o ra ohun tó tó ohun tí wọ́n ná, o ti sọ oore di gbèsè nìyẹn. Ìwọ̀n eku nìwọ̀n ìtẹ́.

Kí wá ni kí o rà? Ife olórúkọ yẹn, mo bẹ̀ ọ́, fi sílẹ̀. Lẹ́yìn irú òpin ọ̀sẹ̀ bẹ́ẹ̀ kan, èmi ni mo yẹ àwọn yàrá wò kí a tó dá kọ́kọ́rọ́ padà fún onílé. Ife tí orúkọ ìyàwó àti déètì wà lára wọn ni mo ń ṣà kiri: ọ̀kan lẹ́yìn kọ́tìnì, ọ̀kan lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, òmíràn nínú balùwẹ̀ tí wọ́n ki búrọ́ọ̀ṣì ìfọnu bọ̀ ọ́. Kì í ṣe pé wọn ò fẹ́ràn ìyàwó o. Ta ló fẹ́ máa fi ife olórúkọ ẹlòmíràn mu omi nílé ara rẹ̀? Bí o bá máa kọ orúkọ sí nǹkan, orúkọ ẹni tó máa ni ín ni kí o kọ.

Ohun tí mo rí tí wọ́n máa ń lò tán ni àpò kékeré tí ìyàwó ti gbé sórí bẹ́ẹ̀dì kálukú kí wọ́n tó dé. Omi inú ike, oògùn ẹ̀fọ́rí, pílásítà fún ẹsẹ̀ tí bàtà gogoro bá bó, rọ́bà tí wọ́n fi ń so irun, àti nǹkan ìdítí fún ẹni tó bá bọ́ sí yàrá kan náà pẹ̀lú ẹni tó ń hanrun. Ẹnì kan á ṣáà wà tó ń hanrun. Kò wọ́n, alẹ́ ọjọ́ àkọ́kọ́ gan-an ni wọ́n á sì ti bẹ̀rẹ̀ sí í lò ó.

Bí ó bá sì jẹ́ bàálù ni àwọn kan máa wọ̀, tí báàgì ọwọ́ nìkan ni wọ́n gbé, má ra ìpara tàbí lọ́fínńdà ńlá fún wọn. Láti ọdún 2006 ni ọ̀pọ̀ pápákọ̀ òfuurufú ti ń gba ohun olómi tí ìgò rẹ̀ bá ju mílílítà 100 lọ lọ́wọ́ èèyàn níbi àyẹ̀wò. Àwọn pápákọ̀ kan ti ń dẹ òfin náà, ṣùgbọ́n tí ó bá bọ́ sí èyí tí kò tíì dẹ̀ ẹ́, inú garawa ìdọ̀tí ibẹ̀ ni ẹ̀bùn rẹ máa sùn.

Ìwé ló kù, ìwé ló sì jù. Fi ọwọ́ ara rẹ kọ ọ́, kí tẹnì kọ̀ọ̀kan ní ohun kan nínú tó jẹ́ tirẹ̀ nìkan. "O ṣeun tí o wá" kò tó. Ìyàwó kan tí mo bá ṣiṣẹ́ kọ ọ́ sí ọ̀rẹ́ rẹ̀ pé, "Ìwọ lo jókòó tì mí lórí àtẹ̀gùn ọ́fíìsì lọ́jọ́ tí mo fẹ́ kọ̀wé fi iṣẹ́ sílẹ̀." Ojú mi ni ọ̀rẹ́ náà ṣe kà á. Ó pa á dé, ó tún ṣí i. Èmi ò rántí nǹkan tó wà nínú àpò ọjọ́ yẹn mọ́.

Ní ti àwọn mẹ́rin yẹn, àpò kan náà ni kí o fún gbogbo wọn. Inú ilé kan ṣoṣo lẹ máa wà. Bí ìlàjì bá gbà tí ìlàjì ò gbà, ojú á rí i. Ẹ̀bùn ọ̀rẹ́ ìyàwó á dúró de ọjọ́ tirẹ̀. Ẹni tó ṣètò ló yẹ kí tirẹ̀ yàtọ̀, ṣùgbọ́n kọ̀rọ̀ ni kí o ti fún un.

Àlejò_Ní_Gbogbo_Ìgbà

Ẹ gbọ́ ti àwa àlejò náà. Wọ́n pè mí sí ọ̀kan rí, iye tí wọ́n kọ́kọ́ dá lé wa mọ níwọ̀n. Nígbà tó yá, owó aṣọ aláwọ̀ kan náà wọlé. Owó ayàwòrán tẹ̀ lé e. Wọ́n tún wá ní kí a dá owó ẹ̀bùn àlejò! Àwa àlejò la dáwó ra ẹ̀bùn fún ara wa, ìyàwó wá dúró ṣánṣán, ó ń pín in. Mo gbà á, mo rẹ́rìn-ín, inú ń bí mi títí mo fi délé. Àbúrò, sọ fún olórí ọ̀rẹ́ ìyàwó pé kó fi gbogbo iye tí èèyàn máa ná hàn wọ́n láti ìsinsìnyí. Bí owó àpò yẹn ò bá sì ní ti ọwọ́ rẹ jáde, jọ̀ọ́, má fún wọn ní nǹkan kan.

Má_Fi_Ṣeré

Háà, ìyẹn burú o. Mo ṣì wà lórí ọ̀rọ̀ mi, ṣùgbọ́n mo gbà fún ìwé.

Ìyàwó_Ọ̀la

Ẹ ṣeun gan-an ni, ẹ̀yin ẹ̀gbọ́n mi. Àpò àti ìwé ni màá ṣe, owó mi ni màá sì fi ṣe é. Ẹ̀gbọ́n mi ń bínú díẹ̀, ó ti lọ bá ẹni tó ń tẹ orúkọ sí ife dúnàá-dúrà. Ìbéèrè kan ló kù. Ọ̀kan nínú àwọn ọ̀rẹ́ ibi iṣẹ́ mi ò ní lè wá mọ́ nítorí ọmọ tuntun tó wà lọ́wọ́ rẹ̀, bẹ́ẹ̀ ó ti san owó tirẹ̀, ó sì ní òun ò gbà á padà. Ṣé kí n ṣe tirẹ̀ mọ́ ọn?

Ìyá_Ètò

Tirẹ̀ ni kí o kọ́kọ́ dì. Yọ nǹkan ìdítí kúrò níbẹ̀ ṣá, ó gbọ́dọ̀ máa gbọ́ ẹkún ọmọ. Jẹ́ kí ìwé tirẹ̀ gùn díẹ̀ ju ti àwọn yòókù, kí o sì rí i pé ó tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́ kí ẹ tó gbéra, kó má lọ jẹ́ inú fọ́tò yín ló ti máa kọ́kọ́ rí àpò náà.