Ẹ gbà mí o, Bíbélì mi ti ń bu eruku

ỌmọÌkòròdú: Ẹ̀yin ará, ẹ jọ̀ọ́ ẹ bá mi dá sí i. Aago mẹ́rin ààbọ̀ ìdájí ni mo ń jáde nílé torí súnkẹrẹ-fàkẹrẹ orí Third Mainland, kí n tó padà dé alẹ́ ti lẹ́, mo á jẹun, orí àga ni mo máa sùn sí. Sọ́ńdè nìkan ni mo ń rántí pé Kristẹni ni mí. Kí lẹ̀yin ń ṣe gan-an?

ÌyáÌbejì: Pẹ̀lẹ́ àbúrò. Nígbà tí mo ṣẹ̀ṣẹ̀ bí àwọn ìbejì, ẹsẹ kan péré ni mo ń kọ sí bébà, mo á lẹ̀ ẹ́ mọ́ fíríìjì, tí n bá ń po ògì mo á máa kà á sókè, kó tó di Fraidé ó ti wọ orí. Má lọ bẹ̀rẹ̀ orí mẹ́wàá lóòjọ́ o, o máa já a sílẹ̀ ni.

BàbáOlùkọ́: Dáníẹ́lì náà òṣìṣẹ́ ìjọba ni, síbẹ̀ ẹ̀ẹ̀mẹta lóòjọ́ ló ń gbàdúrà (Dáníẹ́lì 6:10). Inú bọ́ọ̀sì tó o ń jókòó sí yẹn ńkọ́? Bíbélì Yorùbá tí wọ́n ń kà sókè wà lórí fóònù lọ́fẹ̀ẹ́. Kó o sì wá ẹnì kan, ẹnì kan ṣoṣo o, tó lè pè ẹ́ láàárín ọ̀sẹ̀ bi ẹ́ pé ṣé o gbàdúrà.

ỌmọÌkòròdú: Ẹ ṣé mà, ẹ ṣé sà. Àmọ́ pẹ̀lú ariwo kọ̀ńdọ́ yẹn, ṣé mo máa gbọ́ nǹkan kan?

ÌyáÌbejì: 😂 Yí i sókè jàre!