Ọmọ mi fẹ́ pé ọdún kan nínú òjò Àbújá: ìgbà wo ni ká ṣe é?

Ìyá Ìkókó, Lugbe: Ẹ kú ojúmọ́ o, ẹ̀yin ará ilé. Ọmọ mi yóò pé ọdún kan ní ọjọ́ 12 oṣù kẹjọ, Ọjọ́rú ló bọ́ sí. Ìyá ọkọ mi ń bọ̀ láti Ìbàdàn. Mò ń rò ó pé kí n ṣe ayẹyẹ náà ní Sátidé tó tẹ̀ lé e, aago méjì ọ̀sán, ká ta kánópì méjì síwájú ilé. Ṣebí òjò máa ń sinmi díẹ̀ nínú oṣù kẹjọ? Ọdún àkọ́kọ́ mi níbí rèé, ẹ gbà mí nímọ̀ràn.

Ìyá Ìbejì, Kubwa: Ẹ kú oríire, àbúrò mi. Olúwa á dá a sí fún wa. Ìsinmi òjò tẹ́ ẹ ń sọ yẹn, ilé ló mọ. Ní Èkó àti Ìbàdàn, òjò á rọ̀, á dáwọ́ dúró díẹ̀ nínú oṣù kẹjọ, á tún padà. Ti ibí kì í dáwọ́ dúró bẹ́ẹ̀. Oṣù kẹjọ àti ìkẹsàn-án gan-an ló máa ń rọ̀ jù. Ẹ má náwó sórí kánópì. Ẹ ṣe é ní pálọ̀, tàbí kẹ́ ẹ háyà yàrá ńlá tó lórùlé.

Àmọ́ aago méjì yẹn ló ń bà mí lẹ́rù ju òjò lọ. Nígbà tí àwọn ìbejì mi pé ọdún kan, aago méjì náà la kọ sínú ìwé ìpè. Àwọn èèyàn dé ní agogo mẹ́rin ààbọ̀. Ariwo àti aṣọ wíwọ̀ kò jẹ́ káwọn ọmọ sùn lọ́sàn-án. Nígbà tí wọ́n máa gbé kéèkì jáde, Táíwò ń ké bí ẹni tí wọ́n nà, Kẹ́hìndé sì ti sùn lọ léjìká mi tòun ti bàtà lẹ́sẹ̀. Bàbá mi tó ti Òṣogbo wá, orí ọmọ tó ń sùn ló gbàdúrà lé. Bàbá ò tún wá sí Àbújá mọ́ títí wọ́n fi di olóògbé. Ó ṣì ń dùn mí.

Nítorí náà, ẹ wo oorun ọmọ yín fún ọ̀sẹ̀ kan kẹ́ ẹ tó kọ aago sínú ìwé ìpè. Púpọ̀ nínú ọmọ ọdún kan ṣì ń sùn lẹ́ẹ̀mejì lójúmọ́. Bó bá ń jí lójú oorun àárọ̀ ní bí agogo mẹ́wàá ààbọ̀, ẹ fún un lóúnjẹ, kẹ́ ẹ pe èèyàn sí agogo mọ́kànlá. Agogo méjìlá, ẹ gé kéèkì. Ẹni tó bá dé, dé. Ẹni tí kò bá tíì dé á bá jọ̀lọ́ọ̀fù nílé.

Dádì Jùnìọ̀, Gwarinpa: Èmi ò bá sún un sí àárín oṣù kọkànlá. Òjò á ti lọ, ọyẹ́ ò sì tíì le. Kánópì yín á dúró.

Nọ́ọ̀sì, Nyanya: Dádì, ẹ má bínú. Àárín oṣù kọkànlá ni ọmọ náà á pé oṣù 15, ìgbà yẹn sì ni abẹ́rẹ́ ìgbóná èèyi ẹlẹ́ẹ̀kejì. Ara àwọn ọmọ kan máa ń gbóná lẹ́yìn rẹ̀, pàápàá láàárín ọjọ́ 7 sí 12. Ibà díẹ̀ ló sábà máa ń jẹ́, ẹ má torí ẹ̀ fi abẹ́rẹ́ sílẹ̀ o! Àmọ́ ta ló fẹ́ wọṣọ ọjọ́ ìbí fún ọmọ tára ẹ̀ ń gbóná?

Alhaja, Garki: Agogo mọ́kànlá dáa fún àwa náà, a ó ti jẹun kí ìrun Àílà tó tó. Ẹ ṣáà má mú un lọ sí Sátidé tó kẹ́yìn oṣù nítorí owó oṣù. Ìgbéyàwó á ti gba gbogbo àlejò yín.

Ìyá Ìbejì, Kubwa: Mo fẹ́ gbàgbé ọ̀rọ̀ màmá. Ẹ má jẹ́ kí wọ́n dé ní Fúráìdé. Láti Ìbàdàn gba Ọ̀kẹ́nẹ̀ àti Lọ́kọ́ja wá síbí, odindi ọjọ́ kan ni, kí wọ́n sì tètè gbéra kílẹ̀ má baà ṣú bá wọn lọ́nà. Ọmọ tó ń lọ sí ọdún kan máa ń bẹ̀rù ojú tí kò mọ̀. Bí màmá ò bá tíì rí i látìgbà ìsọmọlórúkọ, ẹkún ló máa fi kí wọn. Kí wọ́n dé ní Túsìdé. Láàárọ̀ Ọjọ́rú, ọjọ́ tí ẹ bí i gan-an, kí wọ́n gbé e sórí ẹsẹ̀, kí wọ́n fọwọ́ ara wọn wúre fún un, ẹ̀yin nìkan nínú ilé. Tó bá fi máa di Sátidé, á ti mọ̀ wọ́n.

Ìyá Ìkókó, Lugbe: Ẹ̀gbọ́n mi, omi bọ́ lójú mi nígbà tí mo ka ti bàbá yín. Kí Ọlọ́run tẹ́ wọn sí afẹ́fẹ́ rere. Mo ti pe màmá, wọ́n ní Túsìdé tẹ́ àwọn lọ́rùn. Pálọ̀ la ó ti ṣe é, agogo mọ́kànlá. Ẹ jọ̀ọ́, ta ló mọ ẹni tó ń se mọ́ínmọ́ín eléwé lápá Lugbe, tó lè gbé e dé kí agogo mẹ́wàá tó lù?