Fíìmù àtijọ́ tó ń rùn bíi fínígà: ṣé kí n kó o sí fìrísà?

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin tí ẹ mọ̀ nípa fíìmù. Bàbá mi bá ẹgbẹ́ eléré gbé sinimá kiri láyé ọjọ́un, wọ́n sì fi róòlù 16mm sílẹ̀ sínú páálí lókè àjà n'Íbàdàn. Agolo àwọn kan ti dípẹtà. Bí mo ṣe ṣí wọn, òórùn fínígà gbá mi nímú. Wọ́n ní àsítéètì, ìyẹn ike tí wọ́n fi ṣe fíìmù náà, tó ń jẹrà ló ń rùn bẹ́ẹ̀, pé ooru àti ọ̀rinrin ló ń dá a sílẹ̀.

Mo ti gbé wọn kúrò lókè àjà, mo sì ya àwọn tó ń rùn sọ́tọ̀. Àbúrò mi ní ká gbé e sórí ẹ̀rọ ká wò ó. Mo kọ̀! Èyí tó ti sún kì jọ̀ọ́ lè ya mọ́ ẹ̀rọ lára. Mo ronú kan ilé ìpamọ́ fíìmù ìjọba ní Jos, àmọ́ oòrùn ọ̀nà yẹn ń bà mí lẹ́rù.

Kí n tó rówó tí wọn yóò fi dà á sórí kọ̀ǹpútà, ṣé kí n dì í dáadáa sínú fìrísà, pẹ̀lú iná tó ń lọ tó ń bọ̀ yìí? Ẹ má bínú pé ó gùn. Mo dúpẹ́ ṣáájú.